Ẹ̀kọ́ tí àwàdà aṣinilọ́nà kọ́ mi

Ó ti pẹ́ tí mo ti fẹ́ràn àwàdà tí ń mú olùgbọ́ gba ọ̀nà kan lọ, tí ó sì já a sí ibi tí kò fi ọkàn sí. Mo ti sọ irú rẹ̀ níwájú èrò púpọ̀, mo ti sọ ọ́ fún ẹni kan ṣoṣo nínú ọkọ̀, mo ti kọ ọ́ sílẹ̀, mo sì ti jókòó ti àwọn tí wọ́n mọ̀ ọ́n sọ gan-an, tí mo ń fi ara balẹ̀ wo ohun tí ọ̀rọ̀ kọ̀ọ̀kan ń ṣe lójú àwọn tí ń gbọ́ wọn. Ohun tí mo rí dì mú nínú gbogbo rẹ̀ ni pé ẹni tí ó mọ àwàdà yìí í sọ dáadáa kì í parọ́ fún ẹnikẹ́ni. Òtítọ́ ni ó ń sọ láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin. Olùgbọ́ fúnra rẹ̀ ni ó ń fi ohun tí ó ti mọ̀ nípa ayé dí àlàfo tí ó wà nínú ọ̀rọ̀ náà, òun náà ni ó sì ń ṣi ara rẹ̀ lọ́nà. Gbogbo iṣẹ́ aláwàdà ni kí ó mọ irú àlàfo tí yóò fi sílẹ̀, kí ó sì mọ ibi tí yóò fi í sí.

Ẹ jẹ́ kí n bẹ̀rẹ̀ láti orí èyí tí mo sábà máa ń lò nígbà tí mo bá ń bá àwọn ọ̀dọ́ tí wọ́n fẹ́ mọ àwàdà á sọ sọ̀rọ̀. Ọkùnrin kan ń fọ́nnu níwájú ọ̀rẹ́ rẹ̀, ó ní: “Ní ìdílé tiwa, a kì í jẹ èyí tí ó kéré. Bàbá mi jẹ ẹ́, ẹ̀gbọ́n mi jẹ ẹ́, ó sì ti kàn mí báyìí.” Ọ̀rẹ́ rẹ̀ bèèrè pé: “Oyè wo ni?” Ó dáhùn pé: “Gbèsè ni.”

Bí a bá tú àwàdà yìí palẹ̀, a óò rí i pé ọ̀rọ̀-ìṣe kan ṣoṣo ni ó gbé gbogbo rẹ̀ dúró. Ènìyàn lè jẹ oyè, ó lè jẹ gbèsè, ó lè jẹ ìyà, ó lè jẹ èrè, ó sì lè jẹ oúnjẹ lásán. Nígbà tí ọkùnrin náà kò dárúkọ ohun tí wọ́n jẹ, ó fi àlàfo sílẹ̀. Nígbà tí ó sì to bàbá, ẹ̀gbọ́n àti ara rẹ̀ lé ara wọn, tí ó ní ó ti kan òun, olùgbọ́ gbé oyè sí àlàfo náà láìrò ó lẹ́ẹ̀mejì. Ohun tí ó wù mí jù níbẹ̀ ni pé ọkùnrin náà kò pe ohunkóhun ní oyè. Ẹnu ọ̀rẹ́ rẹ̀ ni ọ̀rọ̀ yẹn ti jáde, ọ̀rẹ́ náà sì ń bá gbogbo àwa tí a ń gbọ́ sọ̀rọ̀. Bí a bá padà sẹ́yìn wò ó, kò sí gbólóhùn kankan tí ó yẹ kí á fà yọ: gbèsè náà kò kéré, bàbá jẹ ẹ́, ẹ̀gbọ́n jẹ ẹ́, ó sì ti kan ẹni tí ń sọ̀rọ̀ ní tòótọ́.

Àwọn àgbà tí wọ́n ti lọ ti rí ọ̀ràn yìí kí á tó bí wa. Aristotle, onímọ̀ ìjìnlẹ̀ ará Gíríìsì tí ó kú ní ọdún 322 ṣáájú ìbí Jésù, mú ìlà ewì kan wá gẹ́gẹ́ bí àpẹẹrẹ nígbà tí ó ń ṣàlàyé bí a ṣe ń lo ọ̀rọ̀ níwájú èrò. Ọkùnrin kan ń rìn lọ nínú ìlà náà, a sì fẹ́ sọ ohun tí ó wà ní ẹsẹ̀ rẹ̀. Gbogbo ẹni tí ń gbọ́ ti ń retí bàtà, àfi bí akéwì ṣe ní egbò tí òtútù dá sí i lẹ́sẹ̀ ni. Aristotle fi kún un pé irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀ gbọ́dọ̀ yé olùgbọ́ ní kété tí ó bá ti jáde lẹ́nu. Mo ti rí òótọ́ ọ̀rọ̀ yẹn lójú àwọn olùgbọ́ mi: àwàdà tí ó bá nílò kí á ronú pẹ́ lè jẹ́ àdììtú tí ó dára, ó lè mú kí ènìyàn mi orí, ṣùgbọ́n ẹ̀rín kì í dúró dè é.

Cicero, agbẹjọ́rò àti òṣèlú ará Róòmù, kọ ọ́ ní ọdún 55 ṣáájú ìbí Jésù pé èyí tí ó gbajúmọ̀ jù nínú gbogbo àwàdà ni èyí tí a ti ń retí ohun kan, tí a wá sọ òmíràn, àti pé àṣìṣe tiwa gan-an ni ó ń pa wá lẹ́rìn-ín níbẹ̀. Láti ìgbà tí mo ti ka èyí ni mo ti dẹ́kun láti máa wo aláwàdà nìkan. Mo bẹ̀rẹ̀ sí í wo olùgbọ́. Ẹni tí ó rẹ́rìn-ín sí àwàdà gbèsè yẹn ń rẹ́rìn-ín sí bí òun náà ṣe yára gbé oyè lé orí ẹni tí kò bèèrè rẹ̀. Kant, ọlọ́gbọ́n ará Jámánì, ní tirẹ̀ sọ ní ọdún 1790 pé ẹ̀rín ń wá nígbà tí ìrètí tí ó ti le koko bá ṣàdédé di asán. Mo bọ̀wọ̀ fún un, ṣùgbọ́n ìrírí tèmi kò gbà fún mi láti gbà á tán. Ìrètí náà kì í di asán nínú àwàdà tí ó dára. Ohun mìíràn ni ó máa ń dì, ohun tí ó sì ti wà níbẹ̀ látilẹ̀ tí ojú wa kò rí i. Nígbà tí ó bá di asán lóòótọ́, mo máa ń rí i tí àwọn ènìyàn ń wo ara wọn lójú, tí ẹnì kan á sì bèèrè pé, “Kí ló wá ṣẹlẹ̀?”

Ọ̀rọ̀ mìíràn tún wà tí Cicero sọ tí mo ti sọ di òṣùwọ̀n iṣẹ́ mi. Ó ní bí àwàdà kan bá ṣì ń pani lẹ́rìn-ín bí a bá fi ọ̀rọ̀ mìíràn sọ ọ́, inú ọ̀ràn ni ẹ̀rín rẹ̀ wà. Bí adùn rẹ̀ bá sì pòórá nígbà tí a pa ọ̀rọ̀ dà, inú ọ̀rọ̀ nìkan ni ó ti ń gbé. Ẹ gbìyànjú rẹ̀ wò lórí gbèsè. Bí ọkùnrin náà bá ní bàbá òun yá owó, ẹ̀gbọ́n òun náà yá owó, àwàdà ti kú, bẹ́ẹ̀ ìtàn náà kò yí padà rárá. Ìfọ̀rọ̀dárà pọ́ńbélé nìyẹn.

Ẹ wá gbọ́ èyí. Obìnrin kan ń sọ ohun tí ojú rẹ̀ rí: “Ọkùnrin náà wọlé, ó ní kí ọmọ mi jókòó, kí ó má sì ṣe mira. Ó yọ abẹ. Ó fi ọwọ́ kan di orí ọmọ mi mú. Ọmọ ń ké, èmi dúró, mò ń wò wọ́n. Nígbà tí ó ṣe tán, mo san owó fún un, mo sì bèèrè ìgbà tí ó yẹ kí ó padà wá gé irun.” Kò sí ọ̀rọ̀ pọ́n-na, ìyẹn ọ̀rọ̀ tí ó ní ìtumọ̀ ju ọ̀kan lọ, kankan níbí. Ẹ túmọ̀ rẹ̀ sí èdè tí ó bá wù yín, kò ní kú, nítorí inú àwòrán tí ó wà lọ́kàn olùgbọ́ ni a ti ṣe gbogbo iṣẹ́ náà: abẹ, ọwọ́ lórí ọmọ, igbe, ìyá tí kò ṣe nǹkan kan. Ẹ̀rù ni ó kọ́kọ́ wọlé, onígbàjámọ̀ ni ó sì jáde.

Mo fẹ́ dúró díẹ̀ lórí abẹ yẹn. Ẹnì kan tí a jọ ń ṣe irú iṣẹ́ yìí dámọ̀ràn pé kí á fi ọ̀bẹ rọ́pò rẹ̀, kí ẹ̀rù lè pọ̀ sí i kí ìtura sì lè dùn sí i. Òótọ́ ni pé ẹ̀rù ìbá pọ̀ sí i. Ṣùgbọ́n onígbàjámọ̀ kì í fi ọ̀bẹ gé irun. Nígbà tí olùgbọ́ bá dé òpin tí ó bojú wẹ̀yìn, ọ̀bẹ yóò dúró gedegbe níbẹ̀ gẹ́gẹ́ bí irọ́, olùgbọ́ yóò sì mọ̀ lára pé a tan òun jẹ ni. Abẹ wà ní ipò méjèèjì: ó lè pani, ó sì lè gé irun. Jerry Suls, onímọ̀ nípa ìrònú ẹ̀dá, ṣàlàyé ní ọdún 1972 pé ìpele méjì ni ọkàn ń gbà kọjá nígbà tí a bá ń gbọ́ àwàdà: lákọ̀ọ́kọ́, ohun tí a gbọ́ kò bá ohun tí a ń retí mu, lẹ́yìn náà, a ń wá ìlànà tí yóò mú kí àwọn méjèèjì bára mu. Ìpele kejì yìí ni ọ̀bẹ ń bà jẹ́. Nínú gbogbo ìmọ̀ràn tí mo máa ń fún àwọn ọ̀dọ́, èyí ni mo máa ń tẹnu mọ́ jù: kí wọ́n mú ìtumọ̀ ìkẹyìn lọ́wọ́, kí wọ́n fi ka àwàdà náà láti ìbẹ̀rẹ̀, kí wọ́n sì yọ gbogbo ọ̀rọ̀ tí kò bá lè dúró lábẹ́ rẹ̀, bí ó ti wù kí ọ̀rọ̀ náà dùn tó.

Ibi tí a gbé ọ̀rọ̀ tí ń yí nǹkan padà sí ṣe pàtàkì bákan náà, èdè wa sì ní ìṣòro tirẹ̀ nínú èyí. Bí a bá fẹ́ tẹnu mọ́ nǹkan ní Yorùbá, iwájú ni a máa ń gbé e sí, tí a ó sì fi “ni” tì í lẹ́yìn. A ó ní “Gbèsè ni bàbá mi jẹ.” Àṣà ọ̀rọ̀ yìí ti mọ́ wa lára débi pé ahọ́n wa ń ṣe é fúnra rẹ̀, àṣírí àwàdà yóò sì ti tú ní ọ̀rọ̀ àkọ́kọ́ kí gbólóhùn tó parí. Ọ̀nà tí mo rí tí àwọn tí wọ́n mọ àwàdà í sọ ń gbà yẹ̀ ẹ́ sílẹ̀ ni ìbéèrè. Wọ́n máa ń jẹ́ kí ẹnì kan nínú ìtàn bèèrè, kí ìdáhùn lè jẹ́ ọ̀rọ̀ kan péré pẹ̀lú “ni” lẹ́yìn rẹ̀. Nígbà náà, iwájú gbólóhùn àti òpin àwàdà ti di ibì kan náà. Ẹ padà wo àwàdà gbèsè, ẹ óò rí i pé ìdí tí ọ̀rẹ́ fi wà níbẹ̀ nìyí. Nínú ti onígbàjámọ̀, tí kò sí ẹni tí ń bèèrè, mo ní láti fa irun lọ sí ìparí pátápátá. Bí obìnrin náà bá ní “Onígbàjámọ̀ ni ọkùnrin tí ó wọlé,” kò sí ìtàn mọ́.

Ibi tí ó dùn mọ́ mi jù ni mo dé yìí, ìyẹn ọ̀rọ̀ ohùn. Àwọn èdè kan wà tí ọ̀rọ̀ méjì tí ó yàtọ̀ pátápátá lè dún bákan náà ní gbogbo ọ̀nà, aláwàdà wọn kò sì ní wahala púpọ̀ kí ó tó rí èyí tí yóò fi dárà. Ohùn mẹ́ta ni èdè Yorùbá ní, òkè, àárín àti ìsàlẹ̀, àwọn ohùn wọ̀nyí sì ń ya ọ̀rọ̀ sọ́tọ̀ létí wa kíákíá. Kò sí ẹni tí yóò gbọ́ ọkọ̀ tí yóò rò pé ọkọ́ tí a fi ń ro ilẹ̀ ni. Nítorí náà, ẹni tí ó bá fẹ́ fi ọ̀rọ̀ dárà lẹ́nu ní Yorùbá gbọ́dọ̀ wá ibi tí ohùn pẹ̀lú ti bára mu, irú ibẹ̀ kò sì pọ̀ tó bí a ti rò.

Ọ̀kan nínú ibi tí mo ti rí i ni àárín ọ̀rọ̀-ìṣe àti orúkọ tí ó tẹ̀ lé e. Ọ̀rọ̀-ìṣe tí ó ní ohùn ìsàlẹ̀ máa ń gòkè sí àárín bí orúkọ bá tẹ̀ lé e. A ń sọ pé “mo tà á,” ohùn ìsàlẹ̀ ni. Ṣùgbọ́n a ń sọ pé “mo ta ilé,” ó ti di ohùn àárín. Bẹ́ẹ̀ sì ni “ta” kan wà tí ohùn rẹ̀ jẹ́ àárín láti ìpilẹ̀ṣẹ̀, èyí tí àkekèé ń ṣe fún ènìyàn. Láti inú èyí ni a ti rí àwàdà ọkùnrin tí ó ti ìrìn àjò dé tí kò bá ẹṣin rẹ̀ lórí ìso. Ó figbe bọnu pé: “Ta ni ó ta ẹṣin mi?” Ọmọ rẹ̀ dáhùn pé: “Àkekèé ni, bàbá.” Lójú bàbá, ẹnì kan ti fi ẹṣin gba owó, lójú ọmọ, nǹkan kan ta ẹṣin, ó sì já okùn rẹ̀ lọ. Àwọn méjèèjì lo ohùn kan náà, kò sí ẹni tí ó fi ahọ́n yẹ̀ ẹ́. Ẹ wá dán an wò kí bàbá bèèrè pé “Ta ni ó tà á?” Ohùn ìsàlẹ̀ ti padà dé, ọmọ kò sì ní lè fi àkekèé dáhùn mọ́. Àrọ́pò-orúkọ kékeré kan ti pa àwàdà náà. Mo ti rí ẹni tí ó sọ ọ́ báyìí níwájú èrò, tí gbogbo wọn dákẹ́, tí òun fúnra rẹ̀ kò sì mọ ohun tí ó fà á, nítorí ó dá a lójú pé ọ̀rọ̀ kan náà ni òun lò.

Orí ìwé yàtọ̀ sí ẹnu. Ọ̀pọ̀lọpọ̀ wa ń tẹ ọ̀rọ̀ lórí fóònù láìfi àmì ohùn sí i, a kì í sì fi àmì abẹ́ lẹ́tà sí i. Ibẹ̀ ni irú àwàdà kan ti ń hù tí ẹnu kò lè sọ. Ẹ ka èyí bí wọ́n ṣe fi ránṣẹ́ sí mi: “Egbon mi ko ile meta lodun yii. Enu ikerin lo wa ti olopaa fi de.” Ní gbólóhùn àkọ́kọ́, gbogbo wa ti ń ki ẹ̀gbọ́n kú oríire pé ó kọ́ ilé, ní gbólóhùn kejì, a ti rí i pé ó kó ilé ni, gẹ́gẹ́ bí olè ti ń kó o. Ohùn òkè ni méjèèjì ní. Àmì kékeré abẹ́ lẹ́tà nìkan ni ó wà láàárín onílé àti ọlọ́ṣà. Bákan náà ni ti ọmọ tí ó kọ̀wé sí ìyá rẹ̀ pé “Maami, mo ti fo gbogbo abo,” tí ìyá rẹ̀ sì gbàdúrà fún un títí tí ó fi délé tí ó bá àfọ́kù nílẹ̀.

Àwọn kan máa ń fojú kéré irú àwàdà yìí, wọ́n ní àìfi àmì sí ọ̀rọ̀ ni ó bí i. Èmi kò gbà pẹ̀lú wọn. Ọwọ́ ẹni tí ó kọ ọ́ mọ́, nítorí pé ohun tí a rí lójú ìwé bá ìtumọ̀ méjèèjì mu láìyẹ̀. Ohun tí mo fẹ́ kí ẹni tí ń kọ ọ́ mọ̀ ni pé ojú ìwé nìkan ni ó lè gbé. Bí ẹnì kan bá kà á sókè fún àwọn tí ó jókòó tì í, ó gbọ́dọ̀ yan “kọ́” tàbí “kó” kí ó tó dé gbólóhùn kejì. Èyíkéyìí tí ó bá sì yàn, àwàdà ti bàjẹ́. Nítorí náà mo máa ń pinnu ní ìbẹ̀rẹ̀ bóyá etí ni mo ń bá sọ̀rọ̀ tàbí ojú. Èyí tí ó jẹ́ ti ojú, mi ò jẹ́ gbé e lọ síwájú èrò.

Ibi ìpamọ́ mìíràn tí èdè wa ní, tí ó sì sàn ju ti ọ̀pọ̀ èdè lọ, ni ọ̀rọ̀ kékeré náà “ó.” Kò sọ fún wa bóyá ọkùnrin ni tàbí obìnrin. Kò tilẹ̀ sọ bóyá ènìyàn ni. Ẹ gbọ́ ọ̀rọ̀ obìnrin yìí: “Láti ọdún mélòó kan, ẹ̀gbẹ́ mi ni ó máa ń wà ní gbogbo òru. Bí mo bá jí, òun ni mo kọ́kọ́ máa ń fọwọ́ kàn kí n tó kí ẹnikẹ́ni. Lánàá, ó bọ́ lọ́wọ́ mi, ó ṣubú, ojú rẹ̀ sì fọ́. Mo sáré gbé e lọ sọ́dọ̀ ẹni tí ó mọ̀ nípa rẹ̀. Ẹni náà wò ó títí, ó wá ní kí n kúkú lọ ra òmíràn.” Fóònù ni. Nígbà tí ó kọ́kọ́ dé ọ̀dọ̀ mi, ọ̀rọ̀ tí ó wà nínú rẹ̀ ni “ẹ̀gbẹ́ mi ni ó máa ń sùn,” mo sì yọ “sùn” kúrò, nítorí fóònù kì í sùn. “Wà” ti tó, olùgbọ́ yóò fi oorun kún un fúnra rẹ̀. “Ojú rẹ̀ fọ́” ni ó jẹ́ ìyanu níbẹ̀ lójú tèmi, torí pé bí a ṣe ń sọ ọ́ nípa ẹni tí kò ríran mọ́ náà ni a ń sọ ọ́ nípa fóònù tí ó ṣubú, láìfi ohunkóhun kún un, láìyọ ohunkóhun kúrò. Bí ẹ bá fẹ́ gbé àwàdà yìí lọ sí èdè tí ó ní àrọ́pò-orúkọ ọ̀tọ̀ fún ọkùnrin, fún obìnrin àti fún ohun tí kò ní ẹ̀mí, ọ̀rọ̀ kejì tàbí ìkẹta ni àṣírí yóò ti tú.

Nípa bí a ṣe ń sọ ọ́, ohun díẹ̀ ni mo ní láti sọ. Ẹni tí ó bá kọ́kọ́ kéde pé òun fẹ́ pa ènìyàn lẹ́rìn-ín ti sọ fún olùgbọ́ pé kí ó ṣọ́ra, olùgbọ́ yóò sì bẹ̀rẹ̀ sí í wá ìtumọ̀ kejì láti ọ̀rọ̀ àkọ́kọ́. Mo fẹ́ kí àwàdà wọlé gẹ́gẹ́ bí ọ̀rọ̀ lásán. Èkejì ni ìdákẹ́jẹ́ lẹ́yìn ọ̀rọ̀ ìkẹyìn. Ní ọdún 1980, Marta Kutas àti Steven Hillyard gbé ìwádìí kan jáde ní Amẹ́ríkà tí ó fi hàn pé nígbà tí ọ̀rọ̀ kan kò bá bá ìtumọ̀ gbólóhùn mu, iná mànàmáná inú ọpọlọ máa ń fèsì lọ́nà tí a lè fi ẹ̀rọ wọ̀n, ní nǹkan bíi 400 nínú ìdá 1000 ìṣẹ́jú àáyá kan lẹ́yìn tí ọ̀rọ̀ náà bá dé. Ìta-gìrì nìyẹn. Ṣùgbọ́n olùgbọ́ ṣì ní láti padà sí ìbẹ̀rẹ̀ kí ó tún gbogbo ọ̀rọ̀ náà gbọ́ lọ́kàn rẹ̀ kí ẹ̀rín tó dé, àkókò yẹn sì jẹ́ tirẹ̀. Aláwàdà tí ó bá ń sáré lọ sí ọ̀rọ̀ mìíràn, tàbí tí òun fúnra rẹ̀ kọ́kọ́ bú sẹ́rìn-ín, ń já a gbà lọ́wọ́ rẹ̀.

Bí ó bá ṣẹlẹ̀ pé ẹnì kan kò rí i, mi ò kì í ṣàlàyé. Mo máa ń bẹ̀ ẹ́ pé kí ó tún gbólóhùn tí ó kẹ́yìn sọ sókè fúnra rẹ̀. Lọ́pọ̀ ìgbà, kì í tíì sọ ọ́ dé ìdajì tí ojú rẹ̀ yóò ti yí padà, ẹ̀rín tí ó bá wá lẹ́yìn èyí sì jẹ́ ojúlówó, nítorí òun ni ó rí ọ̀nà fúnra rẹ̀. Ti àwọn ọmọdé yàtọ̀. Ọmọ tí kò tíì pé ọdún 6 tàbí 7 máa ń rẹ́rìn-ín sí ohun tí kò bójú mu lásán, bí ẹran tí ń sọ̀rọ̀ tàbí bàtà lórí. Ọ̀rọ̀ tí ó ní ìtumọ̀ méjì kì í sábà wọ̀ ọ́ lára títí yóò fi tó ọjọ́ orí yẹn.

Ohun kan wà tí n kò lè gbójú fò. Àwọn kan máa ń fi ìròyìn ikú tàbí ìjàǹbá ṣi ẹlòmíràn lọ́nà, wọn a jẹ́ kí ọkàn rẹ̀ pami, lẹ́yìn náà wọn a ní àwàdà ni àwọn ń ṣe. Èyí dùn mí gidigidi nígbàkigbà tí mo bá rí i, nítorí wọ́n ń fi orúkọ iṣẹ́ tí mo fẹ́ràn bo nǹkan mìíràn mọ́lẹ̀. Ẹni tí a sọ fún pé ìyá rẹ̀ ti kú kò ṣi ara rẹ̀ lọ́nà. Irọ́ ni a pa fún un, kò sì sí ìtumọ̀ kejì tí gbólóhùn náà lè dúró lábẹ́ rẹ̀. Ẹ tún wo bí ìyàtọ̀ ṣe wà láàárín èyí àti ìtàn onígbàjámọ̀. Ìyá inú ìtàn yẹn kò sọ pé ẹnikẹ́ni ṣe ọmọ òun ní ibi. Àwa ni a ń bẹ̀rù, ẹ̀rù náà sì wà lórí ọmọ tí a kò mọ̀ rí, fún ìwọ̀nba gbólóhùn díẹ̀. Bákan náà, n kì í sọ àwàdà tí ohun tí ó ń pamọ́ jẹ́ àbùkù ara ẹni tí ó jókòó síwájú mi. Olùgbọ́ gbọ́dọ̀ lè padà wo ibi tí ó ti ṣìnà kí inú rẹ̀ sì dùn sí ara rẹ̀.

Ó yà mí lẹ́nu pé àwọn àwàdà yìí ṣì ń dùn mọ́ ẹni tí ó ti gbọ́ wọn rí. Ìyàlẹ́nu ti lọ, síbẹ̀ wọ́n ń ní kí n tún un sọ. Bí mo bá wo ojú wọn, mo ń rí i pé ẹlòmíràn tí kò tíì gbọ́ ọ ni wọ́n ń wò, wọ́n ń dúró de ìgbà tí yóò ya sí ọ̀nà tí àwọn náà ti yà sí, àti pé bí ọ̀rọ̀ kọ̀ọ̀kan ṣe dúró lórí ìtumọ̀ méjì láìyẹ̀ ni wọ́n ń gbádùn lọ́tẹ̀ yìí. Ìdí nìyí tí mo fi máa ń bẹ ẹni tí ó bá gbọ́ àwàdà titun lẹ́nu mi pé kí ó sọ ọ́ fún mi padà lẹ́yìn ìgbà díẹ̀. Mo máa ń tẹ́tí sí i bóyá ọ̀rọ̀ tí mo fi ìṣọ́ra yàn ṣì wà ní àyè rẹ̀. Bí ó bá ti fi òmíràn rọ́pò rẹ̀, mo máa ń yẹ òmíràn náà wò lábẹ́ ìtumọ̀ méjèèjì, nítorí nígbà mìíràn tirẹ̀ máa ń sàn ju tèmi lọ, tirẹ̀ yẹn ni mo sì máa ń lò láti ọjọ́ náà.